Ìwé ti sú mi ní ọdún kẹta: ṣé kí n fi sílẹ̀ ni, àbí kí n kàn dá a dúró?

ỌmọIléÌwé22

Ẹ kú ìkàlẹ̀ o, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n mi àti ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi.

Biochemistry ni mò ń kà ní yunifásítì ìjọba àpapọ̀ kan. 300 level ni mo wà, sẹ́mẹ́sítà kejì ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé. Ọmọ ọdún 22 ni mí. Medicine ni mo fi sí JAMB, èyí ni wọ́n fún mi. Mo ti ṣe unit 100, CGPA mi (ìpíndọ́gba èsì mi, nínú 5) jẹ́ 3.12, ó ku unit 60 kí n tó jáde.

Kì í ṣe pé mò ń féèlì. Mi ò kàn rí ìdí tí mo fi ń ṣe é mọ́ ni. Há a sórí, dà á sílẹ̀, gbàgbé ẹ̀: bá a ṣe ń ṣe é láti 100 level nìyẹn. Hándáòtì olójú ewé ogójì, past question ọdún mẹ́wàá, ìdánwò, ó parí. Bí ẹnikẹ́ni bá ní kí n ka glycolysis (bí sẹ́ẹ̀lì ṣe ń fọ́ ṣúgà) lálẹ́ yìí, màá to ìgbésẹ̀ mẹ́wẹ̀ẹ̀wá tẹ̀ léra láìṣi ọ̀kan. Bó bá wá bi mí pé kí ni wọ́n ń fi ṣe, ẹnu mi á wọ.

Ìbéèrè mẹ́ta ni mo ní. Bí mo bá fẹ́ sinmi fún ọdún kan, báwo ni wọ́n ṣe ń ṣe é tí kò fi ní ba nǹkan jẹ́? Ṣé 3.12 yìí ṣì lè di second class upper? Àti pé, ṣé nǹkan kan wà nínú kọ́ọ̀sì yìí lóòótọ́, àbí ìwé ẹ̀rí lásán la wá gbà? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kàn ní kí n ní sùúrù.

BàbáRẹ́jísírì

Ìbéèrè kìíní àti ìkejì ni màá mú. Ìkẹta, àwọn tó mọ̀ ọ́n ń bọ̀.

Deferment ni orúkọ ohun tí ò ń wá. Àwọn ilé ìwé míì ń pè é ní leave of absence. HOD kọ́ ló láṣẹ lórí rẹ̀ o, Sẹ́nétì ni. Registrar ni wàá kọ lẹ́tà sí, ṣùgbọ́n ọwọ́ HOD àti ti Dean ni lẹ́tà náà máa gbà kọjá, kálukú wọn á sì kọ èrò tiẹ̀ sí i. Ibẹ̀ ló ti máa dé ọ́fíìsì Academic Affairs, kó tó dé iwájú Sẹ́nétì. Ó lè gba ọ̀sẹ̀ mélòó kan, ó sì lè gba oṣù, nítorí Sẹ́nétì kì í jókòó lójoojúmọ́. Ọ́fíìsì yòówù kí lẹ́tà yẹn wọ̀, mú ẹ̀dà kan dání kí wọ́n lu òǹtẹ̀ àti déètì sí i fún ọ. Fáìlì a máa sọnù. Ẹ̀dà tó ní òǹtẹ̀ ni wàá gbé jáde lọ́jọ́ tí ẹnì kan bá ní òun ò rí nǹkan tó jọ ọ́.

Má ṣe kọ ọ́ síbẹ̀ pé "ìwé sú mi". Má sì purọ́ àìsàn. Bí ó bá jẹ́ ti ìlera, ìwé ẹ̀rí láti ilé ìwòsàn ilé ìwé ni wọ́n máa ń gbà. Ti kẹ́mísítì àdúgbò kò ní lọ. Bí ó bá jẹ́ pé o fẹ́ tún inú rò lásán, kọ́kọ́ lọ sí ẹ̀ka ìgbaninímọ̀ràn ti ilé ìwé yín. Lẹ́tà tí wọ́n bá kọ tẹ̀ lé tìrẹ máa ń wúwo ju ìwé olójú ewé mẹ́ta tí ìwọ fúnra rẹ bá kọ lọ.

Ibi tí àwọn ọmọ ti ń ṣubú rèé. Wọ́n á forúkọ sílẹ̀ fún kọ́ọ̀sì, wọ́n á wá pòórá, wọ́n á ní "wọ́n á mọ̀ pé mi ò sí níbẹ̀". Jẹ́ ká fi tìrẹ ṣírò. 3.12 lọ́nà 100, pọ́íńtì 312 lo ní. Bí o bá forúkọ sílẹ̀ fún unit 20 ní sẹ́mẹ́sítà yìí tí o kò sì jókòó ṣe ìdánwò kankan, òdo ni gbogbo wọn. 312 pín sí 120, o ti di 2.60. Oorun lo kàn sùn o. Bí o kò bá sì forúkọ sílẹ̀ rárá tí kò sí lẹ́tà nílẹ̀, ọ̀pọ̀ ilé ìwé á kà á sí pé ìwọ fúnra rẹ lo fi ilé ìwé sílẹ̀. Nítorí náà, kí lẹ́tà rẹ ti wọlé kí fọ́ọ̀mù kọ́ọ̀sì tó pa, tí kò bá sì ṣe é ṣe, ó kéré tán kí ìdánwò tó bẹ̀rẹ̀.

Nǹkan méjì míì wà táwọn èèyàn kì í béèrè. Owó tí o ti san, ṣé wọ́n á gbé e sí ọdún tó ń bọ̀? Béèrè lọ́wọ́ Bursary, kí o sì gba èsì rẹ̀ sínú ìwé. Ìkejì ni CCMAS, ìlànà ẹ̀kọ́ tuntun ti NUC, àjọ tó ń rí sí yunifásítì, tí àwọn yunifásítì bẹ̀rẹ̀ sí í lò láti sáà 2023/2024. Ẹni tó dúró lè padà dé kó bá àwọn tí wọ́n ń lo ìlànà tuntun nínú kíláàsì, kí kóòdù kọ́ọ̀sì ti yí padà, kí èyí tó jẹ́ unit 3 ti di 2. Kí o tó lọ, ní kí HOD kọ ìwé kan tó fi hàn pé èyí tí o ti ṣe yìí ló dúró fún èyí tuntun yẹn. Lẹ́yìn tí o bá padà dé, ariwo ni yóò dà.

Ó wá ku ti CGPA. Unit 160 lọ́nà 3.50 jẹ́ 560. Yọ 312 kúrò, ó ku 248. Pín in sí unit 60 tó kù, 4.13 nìyẹn. Ká ní gbogbo kọ́ọ̀sì rẹ tó kù jẹ́ unit mẹ́ta-mẹ́ta, ogún ni wọn: A mẹ́ta, B mẹ́tàdínlógún, láìsí C kankan. C kan tó bá yọjú, A kan sí i ló máa pa á rẹ́. Project máa ń jẹ́ unit 6 níbi púpọ̀, A nínú rẹ̀ dúró fún A méjì. Ó ṣe é ṣe, ṣùgbọ́n ẹni tí ọkàn rẹ̀ wà nílé ló lè ṣe é. Ti second class lower, má dà á láàmú: 2.40 lọ́nà 160 jẹ́ 384, 72 péré ló ku fún ọ nínú unit 60. D lásán-làsàn á gbé ọ kọjá níbẹ̀.

Nọ́ọ̀sìRere

Kí ẹnikẹ́ni tó dáhùn ìbéèrè kẹta, àbúrò, ohun kan wà tí mo fẹ́ kí o yà sọ́tọ̀. Ẹni tí ìwé nìkan sú ṣì máa ń gbádùn bọ́ọ̀lù, oúnjẹ ṣì ń lọ lọ́nà ọ̀fun rẹ̀, ó ṣì ń bá ọ̀rẹ́ rẹ̀ rẹ́rìn-ín. Ẹni tí gbogbo nǹkan sú, ọ̀rọ̀ tiẹ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ yunifásítì mọ́, kódà bó bá fi ilé ìwé sílẹ̀ lónìí, ohun tó ń ṣe é á tẹ̀ lé e délé.

Fọ́ọ̀mù kan wà tí wọ́n ń pè ní PHQ-9, ìbéèrè mẹ́sàn-án nípa ọ̀sẹ̀ méjì tó kọjá: oorun, oúnjẹ, àárẹ̀, àìlèfọkànsí nǹkan, ká máa rí ara ẹni bí ẹni tí kò wúlò. Òdo sí mẹ́ta ni èsì ọ̀kọ̀ọ̀kan, 27 ló pọ̀ jù. Bí tìrẹ bá dé 10 sókè, lọ rí dókítà. Ìbéèrè kẹsàn-án dá lórí èrò pé ó sàn kéèyàn kú tàbí kó ṣe ara rẹ̀ léṣe. Èyíkéyìí tó bá ju òdo lọ níbẹ̀, ọjọ́ náà gan-an ni kí o lọ, kí ẹnì kan sì tẹ̀ lé ọ. Ilé ìwòsàn ilé ìwé rẹ ni ibi àkọ́kọ́. Aro ní Abẹ́òkúta, Yábàá l'Ékòó, UCH n'Ìbàdàn, gbogbo wọn ló ní dókítà tó mọ̀ nípa rẹ̀. Ọ̀rọ̀ tí àwọn èèyàn ń sọ nípa Aro ti pẹ́ jù, kò tọ́ kéèyàn tìtorí ẹ̀ sá fún ìtọ́jú.

Ní kí wọ́n yẹ PCV rẹ (bí ẹ̀jẹ̀ rẹ ṣe tó) wò pẹ̀lú. Àìtó ẹ̀jẹ̀ lè jọ ìwé tó sú ni. Oorun wákàtí mẹ́rin-mẹ́rin náà lè jọ ọ́, pàápàá ti ẹni tó ń fi ohun mímu amúnijí gbé òru.

Oníláàbù

Ẹ ṣé, Nọ́ọ̀sì. Ó yá, ẹ jẹ́ ká padà sórí glycolysis.

Àbúrò, o mọ ìgbésẹ̀ mẹ́wàá. Ó dáa. Lọ bá ẹlẹ́mu láàárọ̀, bu ẹmu tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé sọ̀ kalẹ̀ lórí ọ̀pẹ. Ó ń dùn bí omi ṣúgà. Gbé e sílẹ̀. Kó tó di ọ̀sán, ó ti ń yọ ìfóòfó. Nírọ̀lẹ́, ó ti le. Bó bá di ọjọ́ kejì, ó ti ń kan. Ìgbésẹ̀ mẹ́wàá rẹ ló ń ṣẹlẹ̀ nínú akèrègbè yẹn, ìwúkàrà ló ń ṣe é. Pyruvate ló máa ń di nígbẹ̀yìn, bíi ti inú hándáòtì rẹ. Nígbà náà ló máa bọ́ CO₂ kúrò lára rẹ̀, ìyẹn ni ìfóòfó tí o rí. Ohun tó kù di acetaldehyde, acetaldehyde di ọtí.

Bi ara rẹ wàyí: èwo ni ti ọtí? Kí ló dé tí ìwúkàrà ò dúró sórí pyruvate kó máa bá tiẹ̀ lọ? Wo ìgbésẹ̀ kẹfà nínú hándáòtì rẹ. NAD⁺, èròjà tó ń gbé ẹrù (electron) nínú sẹ́ẹ̀lì, ni wọ́n lò níbẹ̀, ó sì di NADH. NAD⁺ ò pọ̀ nínú sẹ́ẹ̀lì. Bí kò bá sí ibi tí wọ́n máa da ẹrù tó wà lórí NADH sí, ìgbésẹ̀ kẹfà á dúró, gbogbo rẹ̀ á dúró, ATP méjì (agbára tí sẹ́ẹ̀lì ń lò) tó yẹ kó jẹ́ èrè kò ní wá. Acetaldehyde ni ìwúkàrà da ẹrù náà lé lórí. Ààtàn rẹ̀ ni àwọn èèyàn ń mu lábẹ́ igi. Iṣan ẹsẹ̀ tìrẹ náà ní ààtàn tiẹ̀ nígbà tí o bá sá eré àsápajúdé, lactate ni. Bí o bá ti mọ ìdí tí NAD⁺ fi gbọ́dọ̀ padà, o ò ní há fermentation sórí mọ́ láéláé, kò sí past question tó lè bá ọ lójijì lórí rẹ̀. Ìdí nìyẹn náà tí ẹlẹ́mu kì í fi í dé ìgò pinpin. CO₂ á fọ́ ọ.

Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe ń rí ìbéèrè kẹta rẹ. Kọ́ọ̀sì yìí ní ohun tó pọ̀ nínú, ọ̀nà tí wọ́n ń gbà kọ́ ọ ni kò ní. Hándáòtì máa ń sọ ohun tó ṣẹlẹ̀, kì í sọ ìdí tó fi gbọ́dọ̀ ṣẹlẹ̀. Gbìyànjú èyí fún ọ̀sẹ̀ méjì péré, kí o tó fi lẹ́tà kankan ránṣẹ́: lẹ́yìn lẹ́kíṣọ̀ kọ̀ọ̀kan, pa ìwé dé, mú tákàdá kan ṣoṣo, kọ ohun tí o rántí. Lẹ́yìn náà, kọ ìbéèrè kan tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú "kí ló dé tí" tí hándáòtì kò dáhùn. Ọ̀kan. Wá ìdáhùn rẹ̀ kí ilẹ̀ tó ṣú. Padà sórí tákàdá yẹn ní ọjọ́ kẹta àti ọjọ́ keje. Bí ọ̀sẹ̀ méjì bá pé tí o kò sì rí ìbéèrè kankan tó wù ọ́ láti wá, a jẹ́ pé kọ́ọ̀sì yìí kì í ṣe tìrẹ, má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fipá mú ọ.

Ọ̀nàKanÒWọjà

Ẹ̀yin àgbà, ẹ ti sọ ọ́ dáadáa, ṣùgbọ́n gbogbo yín lẹ ń fà á padà sínú kíláàsì. Ó ṣeé ṣe kí ọmọ yìí kúrò, kí ó sì kúrò bó ṣe yẹ.

Bí o bá máa lọ, kọ lẹ́tà pé o fẹ́ kúrò, gba èsì, kí o sì béèrè transcript rẹ kí o tó ká ẹrù. Ẹni tó sá lọ láìkọ nǹkan kan ni transcript máa ń nira fún ní ọdún márùn-ún òní, nígbà tó bá fẹ́ fi unit 100 yẹn wọ ilé ìwé míì. Iṣẹ́ ọwọ́ tí o bá fẹ́ kọ́ náà, bi ọ̀gá ibẹ̀ ní ìbéèrè mẹ́ta kí o tó san owó: ọdún mélòó, ta ló ni irinṣẹ́, ìgbà wo ni mo máa bẹ̀rẹ̀ sí í fọwọ́ ara mi ṣe é láìjẹ́ pé mo kàn ń gbálẹ̀?

Ti Medicine náà kò tíì kú. Ẹni tó parí BSc lè gba Direct Entry wọlé sí 200 level, ọ̀pọ̀ ibi ló sì ń béèrè second class upper, nítorí náà ìṣirò Bàbá Rẹ́jísírì kì í ṣe eré. Ọdún márùn-ún ni láti ibẹ̀. Ṣírò ọjọ́ orí rẹ mọ́ ọn: ẹni tó bá ti lé ní ọgbọ̀n ọdún lọ́jọ́ tó gboyè, ìwé ìdásílẹ̀ ni NYSC máa fún un. Kí o sì fi àyè sílẹ̀ fún ìyanṣẹ́lódì. Ní 2022, láti ọjọ́ 14 oṣù kejì títí di ọjọ́ 14 oṣù kẹwàá ni ASUU fi yanṣẹ́ lódì, oṣù mẹ́jọ gbáko. Ẹni tí kò bá ka ìyẹn mọ́ ìṣirò rẹ̀, ojú rẹ̀ á rí tó.

ỌmọIléÌwé22

Ẹ ṣeun gan-an ni, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n. Mo ṣe PHQ-9 yẹn, 6 ni mo rí, òdo ni ti ìkẹsàn-án. Ìwé ló sú mi, kì í ṣe ayé. Ìbéèrè kan ló kù fún Ẹ̀gbọ́n Oníláàbù: tí mi ò bá dá a dúró, SIWES (ìgbà tí wọ́n ń rán wa lọ kọ́ iṣẹ́ níta) àti project ń bọ̀. Ibo ni kí n lọ, kí sì ni kí n mú ṣe tí kò ní jẹ́ àdàkọ ti ẹni tó jáde lọ́dún tó kọjá?

Oníláàbù

Má lọ sí báǹkì, má sì lọ sí ṣọ́ọ̀bù ẹ̀gbọ́n ìyá rẹ kí wọ́n lè máa bá ọ fọwọ́ sí logbook. Wá ibi tí wọ́n ti ń wọn nǹkan lójoojúmọ́: láàbù chemical pathology nílé ìwòsàn, láàbù ilé iṣẹ́ tó ń ṣe epo tàbí oúnjẹ, FIIRO (ilé ìwádìí ilé iṣẹ́ ti ìjọba) ní Oṣòdì, IITA (ilé ìwádìí ọ̀gbìn) n'Ìbàdàn. Kọ lẹ́tà sí ibi mẹ́fà sí mẹ́jọ, kí oṣù mẹ́ta sì wà kí ìgbà SIWES tó dé. Ẹni tó dúró di ọ̀sẹ̀ tó kù dẹ̀dẹ̀ ni ilé oní-pure-water máa ń gbà, lebẹ́ẹ̀lì ló sì máa lẹ̀ níbẹ̀ títí á fi parí.

Ti project, wo gààrí. Mo mọ̀ pé gbogbo èèyàn ti ṣe gààrí. Wọn ò ṣe é dáadáa ni. Inú ẹ̀gẹ́ ni linamarin, èròjà tí májèlé cyanide ti ń jáde, wà, ẹ́ńsáìmù rẹ̀, linamarase, sì wà lára ògiri sẹ́ẹ̀lì. Wọn kì í pàdé. Nígbà tí ìyá gààrí bá rin ẹ̀gẹ́, ó fọ́ ògiri, wọ́n pàdé: linamarin já sí glucose àti acetone cyanohydrin, cyanohydrin wá já sí acetone àti hydrogen cyanide, tó ń hó ní nǹkan bí 26°C, tó sì ń bá atẹ́gùn lọ. Ibi tó ti dùn nìyí. Bí ẹ̀gẹ́ náà ṣe ń kan nínú àpò, pH rẹ̀ ń lọ sílẹ̀, bó bá sì ti wọ ìsàlẹ̀ 5, cyanohydrin kì í fẹ́ já mọ́. Ó dúró síbẹ̀. Nítorí náà, kíkan nìkan kò tó: jáàkì tí wọ́n fi ń fún omi rẹ̀ ń gbé apá kan lọ, iná agbada ló ń lé èyí tó kù. Bí wọ́n bá fi ìkánjú fún un tí wọn ò yan án jinná, ó wà nínú rẹ̀.

Ohun tí àwọn ọmọ máa ń ṣe ni pé wọ́n á ra gààrí lọ́jà márùn-ún, wọ́n á fi ìwé picrate (ìwé tí cyanide ń yí àwọ̀ rẹ̀ padà) wọn ọ́n, wọ́n á rí nǹkan tó sún mọ́ òdo, wọ́n á wá máa kọ ìtàn. Ìdí rẹ̀ rèé. Nínú ọ̀nà picrate, 100 mg ni wọ́n ń wọ̀n, wọ́n á fi ẹ̀rọ spectrophotometer ka absorbance (bí àwọ̀ náà ṣe gbé ìmọ́lẹ̀ mì tó) ní 510 nm, wọ́n á fi 396 sọ ọ́ di púpọ̀ láti rí mg/kg. Òdíwọ̀n Codex, ìlànà oúnjẹ àgbáyé, fún gààrí jẹ́ 2 mg/kg. 2 pín sí 396 jẹ́ 0.005. Kò sí spectrophotometer ilé ìwé wa tí ojú rẹ̀ mọ́ tó bẹ́ẹ̀. Ìdọ̀tí orí cuvette ju ìyẹn lọ.

Nítorí náà, má wọn òpin nìkan. Tẹ̀ lé ẹ̀gẹ́ kan náà láti oko dé agbada: bó ṣe wá, bí wọ́n ṣe rin ín tán, ọjọ́ kìíní, ìkejì, ìkẹta nínú àpò, lẹ́yìn jáàkì, lẹ́yìn yíyan. Mẹ́ta-mẹ́ta ní ìpele kọ̀ọ̀kan, kí o sì wọn pH mọ́ ọn. Má ṣe é láìsí blank, ìyẹn ìgò tí wàá fi ṣe àfiwé: ìwé picrate, buffer, láìsí ẹ̀gẹ́. Wákàtí 16 sí 24 ní 30°C, kí ìdérí ìgò kékeré náà há dáadáa. Bí afẹ́fẹ́ bá ń jò, gbogbo èsì rẹ á kéré, o ò sì ní mọ̀. Ìwé náà á kúrò ní ìyeyè bọ́ sí àwọ̀ ọsàn, bó bá pọ̀ á di àwọ̀ ilẹ̀. Picric acid kò gbọdọ̀ gbẹ nínú ìgò rẹ̀ o, bó bá gbẹ, ó lè bú gbàù. Ní kí technologist ṣe é fún ọ, kí ìwọ má fọwọ́ kàn án.

Ìyá gààrí tí o bá máa bá ṣe é, kí i dáadáa, jẹ́ kó mọ ohun tí o ń wá, san owó ẹ̀gẹ́ rẹ̀. Gbogbo ìpele yẹn ló ti mọ̀ lójú àti ní imú; bi í léèrè ohun tó fi ń mọ̀ pé ó ti kan tó, kọ ọ́ sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ pH rẹ.

Bí o bá ń gbé ẹ̀gẹ́ tútù bọ̀ láti oko, odindi ni kí o gbé e, tòun ti èèpo àti ọrùn rẹ̀, má sì jẹ́ kó ju ọjọ́ kejì lọ kó tó dé láàbù. Ibi tí o bá ti kọ́kọ́ fọ̀bẹ kàn án ni linamarase ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, aago rẹ sì ti ń ka láti ibẹ̀.